Ohun Tí Àwọn Ọmọ Sàró Kò Gbàgbé

Nínú àwọn ìwé ńlá tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi ṣe àkọsílẹ̀ àwọn tí wọ́n gbà lọ́wọ́ olówò ẹrú tí wọ́n sì kó sọ̀ sí Freetown ní Sàró (Sierra Leone), ìlà kan péré ni ti ẹnì kọ̀ọ̀kan. Orúkọ, akọ tàbí abo, ọjọ́ orí tí akọ̀wé fojú díwọ̀n, bó ṣe ga tó, lẹ́yìn èyí, ohun tó wà lára rẹ̀: ilà ojú, gbẹ́rẹ́, àpá iná. Akọ̀wé náà kò gbọ́ èdè ọmọ tó dúró síwájú rẹ̀. Bí orúkọ bá ṣe bá a létí ló ṣe ń kọ ọ́, ìdí nìyí tí ẹni tó bá ń ka àwọn ìwé náà lónìí fi gbọ́dọ̀ pe orúkọ sókè kó fetí ara rẹ̀ gbọ́ ọ, kó tó mọ̀ pé Àìná ni èyí, Òjó ni tọ̀hún. Láti ọdún 1808 títí di ẹ̀yìn ọdún 1860, àwọn tó sún mọ́ 100,000 ni wọ́n kó sọ̀ síbẹ̀, ọmọdé sì pọ̀ nínú wọn. Kò sẹ́ni tó di ẹrù dání nínú wọn. Orúkọ àti ilà tí akọ̀wé rí kọ nípa wọn, ilé ló fún wọn ní méjèèjì kí wọ́n tó gbọ́n.

Àwọn onítàn ilẹ̀ wa fẹ́ràn láti fi ogun ṣàlàyé gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún: Ọ̀yọ́ Ilé tú, Òwu fọ́, àwọn Ẹ̀gbá fi igbó wọn sílẹ̀ wá sábẹ́ Olúmọ, Ìbàdàn dìde. Àwọn mìíràn fi ìjọ àti ilé ìwé ṣàlàyé rẹ̀. Mi ò bá ẹnikẹ́ni jiyàn pé ogun ló kó àwọn ọmọ náà lọ, tàbí pé àwọn ajíhìnrere ló kọ́ wọn ní ìwé. Ṣùgbọ́n ohun tó jẹ́ kí ọmọ Ẹ̀gbá, ọmọ Ọ̀yọ́, ọmọ Ìjẹ̀ṣà àti ọmọ Ìjẹ̀bú wo ara wọn lójú ní Freetown, kí wọ́n sì gbà pé ọmọ ìyá làwọn, nǹkan kéékèèké ni: bí a ṣe ń kí àgbà, oúnjẹ tí wọ́n jẹ dàgbà, oríkì tí ìyá àgbà fi ń jí wọn láàárọ̀, àlọ́ ìjàpá. Ẹ má sì gbàgbé pé ọmọ tó kúrò nílé lọ́dún 1821 kò mú orúkọ náà, Yorùbá, lọ́wọ́ kúrò nílé. Àwọn Ọ̀yọ́ ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ nígbà náà. Ọmọ Ẹ̀gbá tí ẹ bá pè ní Yorùbá yóò rò pé ẹ ṣì òun pè ni. Ìlú ni ọmọ mọ̀, agbo ilé ló mọ̀. Orúkọ ńlá tí gbogbo wa ń jẹ́ lónìí wáyé nítorí pé àwọn agbo ilé wọ̀nyẹn, tí wọn kì í bá ara wọn pàdé, tí àwọn mìíràn nínú wọn sì ń bá ara wọn jagun, ti kọ́ ọmọ wọn ní ohun tó jọra láì mọ̀.

Ẹ jẹ́ ká mú Àjàyí ọmọ Òṣoògùn, ẹni tí ayé wá mọ̀ sí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Ajayi Crowther, nítorí pé ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi kọ ohun tí ojú rẹ̀ rí. Lẹ́tà tó kọ sí Àlùfáà William Jowett ti ẹgbẹ́ ajíhìnrere CMS ní oṣù Kejì ọdún 1837 wà fún kíkà títí dòní. Ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1821 ni ogun dé bá wọn. Ohun tó sì fi ṣíwájú ìtàn ogun náà ni pé ojú ọjọ́ dára, kálukú wà lẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀, oúnjẹ àárọ̀ ni wọ́n ń sè lọ́wọ́ nílé wọn, tí ọkàn wọn balẹ̀, kí ariwo tó ta ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án. Bàbá rẹ̀ sáré wọlé wá ní kí wọ́n sá, ó sì padà sójú ìjà. Ojú kò tún kan ojú mọ́. Wọ́n mú Àjàyí pẹ̀lú ìyá rẹ̀ àti àwọn ọmọ ìyá rẹ̀ obìnrin méjì, wọ́n ta okùn mọ́ wọn lọ́rùn. Ní Ìsẹ́yìn, wọ́n fi í pààrọ̀ ẹṣin. Lẹ́yìn nǹkan bí oṣù méjì, ẹṣin náà kò tẹ́ ẹni tó gbà á lọ́rùn, wọ́n dá a padà, bẹ́ẹ̀ ni ọmọ náà ṣe tún rí ìyá rẹ̀ fún oṣù mẹ́ta, kí wọ́n tó tún tà á lálẹ́ ọjọ́ kan. Láti ọwọ́ kan bọ́ sí ọwọ́ kejì, ó la Ìjàyè kọjá, ó dé ilẹ̀ Ẹ̀gbá, ó dé Èkó. Ẹ̀rù pé wọ́n máa tà á fún òyìnbó bà á tó bẹ́ẹ̀ tó fi gbìyànjú lóru láti fi ọ̀já tó sán mọ́dìí fún ara rẹ̀ lọ́rùn. Ọwọ́ rẹ̀ kò gbé e. Ọkọ̀ àwọn Potogí kan tó ń jẹ́ Esperança Felix ni wọ́n kó o sí. Ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì gba ọkọ̀ náà ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹrin ọdún 1822, ó sì fẹsẹ̀ kan ilẹ̀ ní Sàró ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹfà.

Ẹni tó bá ka lẹ́tà yẹn yóò sọ fún mi pé ogun ló kún inú rẹ̀, kí ni mo wá ń wí nípa nǹkan kéékèèké? Ó ní ìdí tó fi lè sọ bẹ́ẹ̀. Kò sí ọmọ tí irú nǹkan yẹn máa ṣẹlẹ̀ sí tí kò ní fi àpá sí i lára. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tí ogun náà ṣe nínú ìgbésí ayé rẹ̀ lẹ́yìn náà: ó fún un ní ìtàn tó ń sọ fún òyìnbó, ó sì fún un ní ìkórìíra òwò ẹrú. Kò fún un ní èdè. Kò fún un ní ojú tó fi ń wo nǹkan. Nínú ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì, òun àti àwọn ọmọ tó kù rí ẹran tí wọ́n gbé kọ́, wọ́n rò pé ẹran ara àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn tí wọn kò rí mọ́ ni. Wọ́n rí ọta àgbá tí wọ́n tò jọ, wọ́n rò pé orí èèyàn ni. Ohun tó mú ọkàn wọn balẹ̀ ni pé wọ́n sún mọ́ ẹran náà, wọ́n rí pátákò ẹlẹ́dẹ̀. Nínú gbogbo ohun tó wà nínú ọkọ̀ òyìnbó yẹn, pátákò ẹran ilé ni wọ́n dá mọ̀, òun ni wọ́n sì fi wọn gbogbo ìyókù. Mo ka èyí sí ẹ̀rí pàtàkì ju ìtàn okùn ọrùn lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìtàn okùn ọrùn ni àwọn oníwàásù ń sọ.

Ọdún mẹ́rìnlélógún lẹ́yìn tó dé Freetown, Crowther ti padà sílẹ̀ yìí. Ó ti di àlùfáà, London ni wọ́n ti fi joyè náà lọ́dún 1843. Ó ti gbé ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá jáde. Aṣọ òyìnbó ló wọ̀, orúkọ àlùfáà Gẹ̀ẹ́sì kan ni wọ́n sì fi sàmì fún un lọ́dún 1825. Ní ọjọ́ 21 oṣù Kẹjọ ọdún 1846, ní Abẹ́òkúta, ìyá rẹ̀ Àfàlà wọlé tọ̀ ọ́ wá. Nínú ìwé àkọsílẹ̀ rẹ̀, ó ní wọ́n di ara wọn mú, wọ́n ń wo ara wọn láì lè sọ̀rọ̀, omi ń dà lójú wọn. Ìyá náà ń gbọ̀n. Ó di ọwọ́ rẹ̀ mú, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í pè é ní àwọn orúkọ kan tí Crowther rántí dáadáa pé ìyá òun àgbà ni í máa fi pe òun nígbà èwe. Ìyá àgbà yẹn ti kú sóko ẹrú. Ta ló wà nínú wa tí yóò ka ibẹ̀ tí kò ní mọ̀ pé oríkì ni, tàbí irú orúkọ àpèjẹ́ tí ìyá àgbà ń fún ọmọ ọmọ? Kò sẹ́ni tó tún pe àlùfáà yẹn bẹ́ẹ̀ láti ọdún 1821. Kì í ṣe orúkọ tí a fi ń fọ́nnu lójú agbo. Bí wọ́n bá ń rẹ ọmọ lẹ́kún ni wọ́n ń pè é, bí wọ́n bá ń rán an níṣẹ́ tí kò fẹ́ lọ. Ó yà mí lẹ́nu pé ọkùnrin tó ń kọ̀wé sí ilé iṣẹ́ CMS ní London, tó mọ̀ pé òyìnbó kò ní mọ ìtumọ̀ rẹ̀ tán, kò fi í sílẹ̀. Láàárín gbogbo ohun tó lè kọ nípa ìpàdé yẹn, ó mú ohùn ìyá àgbà kan síbẹ̀.

Ohun kan náà hàn láwùjọ àwọn tó wà ní Freetown. Ní àwọn abúlé bíi Hastings, Waterloo, Bathurst àti Kissy, níbi tí ìjọba kó wọn sí, orúkọ tí àwọn aládùúgbò fún àwọn èèyàn wa ni Akú, nítorí ìkíni tí kì í kúrò lẹ́nu wọn: ẹ kú àárọ̀, ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú ìrọ́jú. Mo mọ̀ pé gbogbo èèyàn ló fẹ́ràn ìtàn orúkọ yìí, wọ́n sì ti sọ ọ́ títí ó ti di ọ̀rọ̀ àpárá. Ohun tí wọn kì í sábà wò ni ìgbà tí a ń kọ́ ìkíni. Kò sí àgbà tí a ń kọ́ bí a ṣe ń kí alágbẹ̀dẹ yàtọ̀ sí bí a ṣe ń kí onídìrí tàbí ẹni tó ń kọ́lé. Ọmọ kékeré ni wọ́n ń kọ́: ó jí, ó gbàgbé láti kí bàbá, wọ́n gbá a lẹ́nu, ó kí wọn lórí ìdúró, wọ́n tì í lórí wálẹ̀. Kó tó pé ọdún méje, ó ti wọ̀ ọ́ lẹ́wù. Ọ̀rọ̀ tí a ń sọ fún ọmọ tó ń lọ sóde pé ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde, ìbáwí lásán la fi ń ṣe. Ní Freetown, ó di òtítọ́ ìtàn, torí pé ẹ̀ṣọ́ yẹn ni àwọn àjèjì fi dá wọn mọ̀, tí wọ́n sì fi sọ wọ́n lórúkọ. Àwọn ọmọ ọmọ wọn, àwọn Krio, ṣì ń ṣe kómọjáde, wọ́n ń ṣe àwùjọ fún òkú, wọ́n ń dá aṣọ ẹbí, wọ́n ń din àkàrà, ògìrì àti ẹ̀gúsí ń bẹ nínú ọbẹ̀ wọn, egúngún ń jáde ní ìlú wọn. Ẹni tó gbọ́ orúkọ wọ̀nyí kò nílò kí wọ́n ṣe ògbufọ̀ fún un.

Níbi yìí ni àtakò gidi ti wọlé. Àgbàlagbà náà wà nínú àwọn tó sọ̀ ní Freetown: babaláwo wà níbẹ̀, ọdẹ wà níbẹ̀, ìyá ọlọ́mọ wà níbẹ̀. Ta ló sọ pé àwọn ọmọdé ló pa àṣà mọ́? Ọmọ ọdún mẹ́jọ kò lè dá egúngún sílẹ̀. Òótọ́ ni, mo sì gbà á láìjanpata. Kò sí ẹni tó lè sọ pé Freetown jẹ́ ìlú ọmọdé. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tí àgbà náà nílò. Babaláwo tó dé ibẹ̀ kò rí agbo ilé, kò rí ìdílé, kò rí ọba. Ẹni tí yóò tẹ́tí sí i nìkan ló nílò. Ọmọ tó bá ti gbọ́ ohùn yẹn rí lẹ́yìn ìyá rẹ̀, tó ti rí bí bàbá ṣe ń da obì nílẹ̀ láàárọ̀, kò nílò àlàyé kó tó jókòó tì í. Àgbà ní ìmọ̀ náà lódindi, ọmọ ní ibi tí ìmọ̀ náà lè bà sí. Láìsí èkejì, ti àkọ́kọ́ ìbá ti bá àgbà wọnú ilẹ̀ láàárín ogún ọdún, nítorí pé ọ̀dọ̀ olùkọ́ ìjọ ni ìjọba ń kó àwọn ọmọ sí, aṣọ tuntun àti orúkọ tuntun sì ń dúró dè wọ́n níbẹ̀.

Àtakò kejì le ju èyí lọ. Onímọ̀ J.D.Y. Peel, nínú ìwé ńlá rẹ̀ tó jáde lọ́dún 2000, ṣàlàyé bí ìjọ àti àwọn ajíhìnrere ọmọ ilẹ̀ yìí ṣe kópa nínú sísọ àwọn ẹ̀yà wọ̀nyí di Yorùbá: àwọn ló kọ èdè sílẹ̀, àwọn ló mú orúkọ kan tó jẹ́ ti Ọ̀yọ́, tí wọ́n nà án dé orí gbogbo ẹni tó ń sọ èdè tó jọra. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ni ìgbà èwe wá ṣe níbẹ̀? Ìdáhùn mi ni pé ẹ wo irú èdè tí wọ́n kọ sílẹ̀. Abẹ́òkúta ni ibùdó àwọn CMS, ààrin àwọn Ẹ̀gbá ni wọ́n ń gbé, etí Ẹ̀gbá ni wọ́n ń wàásù sí. Bí ó bá jẹ́ pé iṣẹ́ ìjọ nìkan ló pinnu rẹ̀, èdè Ẹ̀gbá ni à bá máa kà nínú Bíbélì lónìí. Ṣùgbọ́n ẹ̀ka èdè Ọ̀yọ́ ló jẹ́ òpó rẹ̀. Òótọ́ ni pé àwọn Ọ̀yọ́ pọ̀ ní Freetown. Òótọ́ sì ni pé Ẹ̀gbá kún un, torí Thomas King, ọmọ Ẹ̀gbá tí wọ́n kó lẹ́rú lọ́dún 1825, bá Crowther ṣiṣẹ́ lórí ìtumọ̀ náà. Crowther pàápàá ń bá àgbà jókòó, ó ń ṣa ọ̀rọ̀ jọ lẹ́nu wọn, ìwé ọ̀rọ̀ rẹ̀ tó tún gbé jáde lọ́dún 1852 kún fún òwe. Ṣùgbọ́n etí tó fi ń yẹ ọ̀rọ̀ wọ̀nyẹn wò, tó fi ń mọ èyí tó gún àti èyí tó wọ́, etí ọmọ Òṣoògùn tó kúrò nílé láì tíì di géńdé ni. Nígbà tí odindi Bíbélì parí lọ́dún 1884, ohun tí ìyá kan ń sọ nídìí ààrò ṣáájú 1821 wà nínú rẹ̀.

Ohun kan ṣẹlẹ̀ ní Freetown ní oṣù Kìíní ọdún 1844 tó fi ohun tí mò ń sọ hàn. Crowther bẹ̀rẹ̀ ìsìn ní èdè Yorùbá nínú ṣọ́ọ̀ṣì, ìgbà àkọ́kọ́ irú rẹ̀. Èrò wọ́ wá. Àwọn Ìgbò àti àwọn ará Calabar pàápàá wá wòran. Nígbà tó gbàdúrà tán, àwọn Akú tó wà níbẹ̀ kò ṣe àmín bí ìwé àdúrà ti wí. Kó ṣẹ ni wọ́n ń dáhùn. Láti ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n ti ń ṣe àmín ní Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n sì mọ̀ ọ́n ṣe. Ṣùgbọ́n nígbà tí àdúrà dé ní èdè tí wọ́n fi ń gbàdúrà fún wọn nígbà ìkómọ, ẹnu wọn lọ síbi tí wọ́n ti fi kọ́ ọ. Kò sí ajíhìnrere tó kọ́ wọn ní ìdáhùn yẹn. Ìjọ kọ́ ilé náà lóòótọ́, Peel kò ṣìnà. Orí ilẹ̀ tí kì í ṣe tirẹ̀ ló kọ́ ọ sí.

Àtakò kẹta dá lórí ìrántí. Àgbà tó ń sọ̀rọ̀ nípa ìgbà èwe rẹ̀ ń hun ún ni bó ṣe ń sọ ọ́. Ohun tó dà lónìí ló fi ń yan ohun tó ṣẹlẹ̀ lánàá. Crowther fúnra rẹ̀ fún wa ní àpẹẹrẹ tó dára. Lára ìtàn tí wọ́n ń sọ nípa rẹ̀ ni pé iná jó ilé bàbá rẹ̀, ọmọ náà sì sá wọ inú iná láti gbé àwọn ère òrìṣà jáde. Òmíràn sọ pé Ifá ti wí pé kò ní bọ òrìṣà kankan, pé Ọlọ́run ni yóò sìn. Ìtàn tí wọ́n fẹ̀yìn bíṣọ́ọ̀bù ro ni èyí kejì, mi ò ní fi ṣe ẹ̀rí ohunkóhun. Àkọ́kọ́ pàápàá, bó tilẹ̀ ṣeé ṣe kó ṣẹlẹ̀, bá ọmọ akọni tí ìjọ ń fẹ́ mu jù. Nítorí èyí ni mi ò ṣe gbára lé ohun ńlá. Irọ́, tàbí àsọdùn, ohun ńlá ló ń wá kiri: iná, àsọtẹ́lẹ̀, ìgboyà. Kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni máa jèrè nínú pípurọ́ pé pátákò ẹlẹ́dẹ̀ ló fi ọkàn òun balẹ̀, tàbí pé wọ́n ń se oúnjẹ àárọ̀ lọ́wọ́. Àti pé ìkíni, ẹ̀ka èdè, àkàrà àti kó ṣẹ kì í ṣe ìrántí tí ẹnì kan ń ròyìn; àwọn ẹlòmíì rí i, wọ́n gbọ́ ọ, wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀.

Ti ilà ojú tilẹ̀ ta ko ìrántí pátápátá. Àbàjà, kẹ́kẹ́, gọ̀mbọ́, pélé, túrè: ọmọ ọwọ́ ni olóòlà ń kọ ọ́ fún, ẹni tó gbé e lójú kò sì rántí ọ̀bẹ, kò rántí ẹ̀jẹ̀, kò rántí omi ìgbín. Síbẹ̀ òun ni ohun àkọ́kọ́ tí ará ìlú rẹ̀ yóò fi mọ̀ ọ́n ní ọjà Freetown, kó tó lanu. Bí ẹnì kan bá ti gbàgbé orúkọ ìlú rẹ̀, ojú rẹ̀ kò gbàgbé. Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti ọdún 2003 ti fòfin de ilà kíkọ fún ọmọ ní Nàìjíríà, ó sì tọ́, mi ò rí ẹni tó máa fi ìdùnnú gbé ọmọ lọ sábẹ́ ọ̀bẹ olóòlà mọ́. Ṣùgbọ́n nínú ìtàn tí à ń sọ yìí, ilà ń kọ́ wa pé àmì ìgbà èwe kò dúró dé ìgbà tí ẹni tó ni ín bá rántí. Ó tó kí ẹlòmíì wà tó lè kà á.

Bí kò bá sí ẹni tó lè kà á ńkọ́? Ọmọbìnrin kan wà tó dáhùn ìbéèrè yẹn. Àìná ni orúkọ rẹ̀. Ìlú Òkè-Ọ̀dàn ni ogun Dàhọ̀mì ti mú un lọ́dún 1848, ọmọ ọdún márùn-ún tàbí bẹ́ẹ̀, wọ́n pa òbí rẹ̀. Lọ́dún 1850, Ghezo ọba Dàhọ̀mì fi í ta ọ̀gá ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì kan, Frederick Forbes, lọ́rẹ, ẹni náà sì sọ ọ́ ní Sarah Forbes Bonetta, orúkọ ara rẹ̀ àti orúkọ ọkọ̀ rẹ̀. Ọbabìnrin Victoria gbà á sábẹ́ ìtọ́jú rẹ̀. Kò sí Akú tó bá a gbé nínú àwọn ilé ọlọ́lá tó dàgbà sí, kò sẹ́ni tó kí i ní ẹ kú àárọ̀ níbẹ̀; kò pẹ́ tí Gẹ̀ẹ́sì fi di èdè rẹ̀, ó mọ dùùrù tẹ̀, àwọn tó rí i sì ń yìn ín pé ìṣe rẹ̀ kò yàtọ̀ sí ti ọmọ Gẹ̀ẹ́sì. Bí a bá ní kí a fi tirẹ̀ ṣe òṣùwọ̀n, ọ̀rọ̀ mi wó lulẹ̀: wọ́n mú un kékeré, ohun kékeré sì lọ. Mo gbà pé ó ṣeé ṣe kó lọ. Àṣà ilé kì í dá gbé lára ẹnì kan ṣoṣo. Ó nílò ẹnì kejì tó mọ̀ ọ́n, kó lè máa dún. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí, síbẹ̀ nígbà tó ń ṣègbéyàwó pẹ̀lú James Pinson Labulo Davies, ọmọ Sàró, ní Brighton ní oṣù Kẹjọ ọdún 1862, orúkọ tó wà fún un nínú ìwé ìgbéyàwó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Ina. Kò sí nínú gbogbo orúkọ tí òyìnbó fún un. Orúkọ àmútọ̀runwá ni, tí a ń sọ ọmọ tó gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé, ó sì fi í ṣe orúkọ àkọ́kọ́.

Ìran kejì ni ọ̀rọ̀ náà ti wá díjú, torí pé wọn kò kúrò nílé kankan. James Johnson, tí gbogbo Èkó ń pè ní Johnson Mímọ́, Sàró ni wọ́n bí i sí, ti bàbá Ìjẹ̀ṣà àti ìyá Ìjẹ̀bú. Samuel Johnson, tó kọ ìtàn àwọn Yorùbá, Hastings ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1846, wọ́n sì mú un wá sí Ìbàdàn lọ́mọ ọdún mọ́kànlá tàbí bẹ́ẹ̀. Ohun tí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ gbà, ọwọ́ òbí tó ti gbà á nígbà èwe tirẹ̀ ló ti gbà á, ní ìlú tí kò sí ààfin, kò sí odi, kò sí igbó orò. Nínú ìwé tó parí lọ́dún 1897, tí kò jáde títí di ọdún 1921 nígbà tó ti kú tipẹ́, Johnson kó oríkì ọkùnrin àti ti obìnrin jọ, ó ka oríṣi ilà ojú lọ́kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú iye abẹ rẹ̀, ó ṣàlàyé bí a ṣe ń sọ ọmọ lórúkọ, gbogbo rẹ̀ kó tó délẹ̀ sórí ìtàn ogun. Àwọn kan ń ráhùn pé kí ló gbé irú nǹkan báyìí dé iwájú ìwé tó yẹ kó jẹ́ ti ọba àti ti ogun. Lójú tèmi, ó mọ ohun tó ń ṣe: ohun tí bàbá rẹ̀ kó kúrò nílé ló kọ́kọ́ tò sílẹ̀.

Ẹ má ṣe jẹ́ ká wá sọ ọ́ di ìtàn ìfẹ́ lásán. Ohun kan náà tó so wọ́n pọ̀ ní Freetown tún pín wọn níyà nígbà tí wọ́n délé, nítorí pé agbo ilé tí ọmọ mọ̀ kì í kú lára rẹ̀ nítorí pé ó ti gba orúkọ tó tóbi sí i. Nígbà tí àwọn Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà kọjú ìjà sí Ìbàdàn láti nǹkan bí ọdún 1878, ogun tí a mọ̀ sí Kírìjí, Johnson ọmọ Hastings wà lára àwọn tó ń gbé ọ̀rọ̀ àlàáfíà láàárín bùdó méjèèjì títí tí wọ́n fi tọwọ́ bọ̀wé lọ́dún 1886. Láàárín ọdún wọ̀nyẹn kan náà, ní Èkó, àwọn Sàró tó jẹ́ ọmọ Ìjẹ̀ṣà àti Èkìtì, pẹ̀lú àwọn tó ti Brazil dé, dá ẹgbẹ́ Èkìtìparapọ̀ sílẹ̀. Oníṣòwò pọ̀ nínú wọn, ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì pọ̀ nínú wọn, wọ́n ń ka Bíbélì kan náà tí àwọn ará Ìbàdàn ń kà. Wọ́n dá owó jọ, wọ́n ra ìbọn òyìnbó tí a ń ki láti ìdí, èyí tó yára ju ìbọn ṣakabùlà lọ, wọ́n sì fi ránṣẹ́ sílé láti fi ja fún ìlú tí ogun ti kó àwọn kan nínú wọn kúrò lọ́mọdé, tí àwọn mìíràn kò sì tíì fojú kàn rí.